Kí Katapílà Tó Dé: Ìbéèrè àti Ìdáhùn lórí Kíkọ Ibi Ìtàn Ìjẹ̀bú àti Rẹ́mọ Sílẹ̀

Àwa díẹ̀ kan la máa ń káàkiri Ìjẹ̀bú àti Rẹ́mọ lópin ọ̀sẹ̀, fóònù lọ́wọ́, téèpù bíríkìlà nínú àpò. À ń ya fọ́tò ahoro, ilé àtijọ́ àti ojú ọjà tó ti kú, a sì ń béèrè orúkọ wọn lẹ́nu àwọn àgbà. Ìbéèrè tí àwọn èèyàn ń bi wá ti pọ̀ débi pé ó sàn ká kó gbogbo rẹ̀ jọ síbì kan. Èyí tí wọ́n ń béèrè jù la fi síwájú.

Kí lẹ ń pè ní ibi ìtàn? Ṣebí Erédò, yàrà ńlá àtijọ́ tó yí ilẹ̀ Ìjẹ̀bú ká, àti ààfin ni?

Àwọn yẹn wà níbẹ̀, àmọ́ wọ́n ní ẹni tó ń ké fún wọn. Láti 1995 ni orúkọ Erédò Sùngbọ́ ti wà nínú ìwé àwọn ibi tí Nàìjíríà fẹ́ kí àjọ UNESCO kà mọ́ ogún àgbáyé. Èyí tó ń kú láìsí ẹni tó ń sunkún rẹ̀ ni à ń wá kiri.

Ẹ wo Ṣàgámù. Ọdún 1872 ni àwọn ìlú Rẹ́mọ bíi mélòó kan kóra jọ síbẹ̀, Ọ̀fin, Màkún, Ìjòkú àtàwọn yòókù, nítorí ogun. Bí wọ́n ṣe wà lọ́tọ̀ọ̀tọ̀, ọwọ́ ọ̀tá lè tẹ̀ wọ́n lọ́kọ̀ọ̀kan. Orúkọ àwọn ìlú náà di orúkọ àdúgbò ní Ṣàgámù, àwọn ará ibẹ̀ ṣì ń jẹ́ ẹ dòní. Ṣùgbọ́n ilẹ̀ tí wọ́n ṣí kúrò ńkọ́? Ibi tí wọ́n ti ń dáná, tí wọ́n sin bàbá wọn sí, ibi tí ọjà wọn wà? Ó di ahoro, ahoro di oko, oko náà ti ń di ẹ́sítéètì báyìí.

Tàbí ẹ wo bodè. Kí òyìnbó tó dé, àwọn Ìjẹ̀bú kì í jẹ́ kí àlejò kàn gba ilẹ̀ wọn kọjá. Ọjà òkè tó ń lọ sétí ọ̀sà àti ọjà ọ̀sà tó ń lọ sókè, ọwọ́ Ìjẹ̀bú ló ń gbà kọjá, oníbodè sì ń gba owó ibodè. Ní ọjọ́ 19 oṣù karùn-ún ọdún 1892, ìbọn Máxim fọ́ ogun Ìjẹ̀bú ní Ìmàgbọn, ọ̀nà sì ṣí sílẹ̀ gbayawu. Gbogbo èèyàn mọ Ìmàgbọn. Ibi tí oníbodè jókòó sí, tí wọ́n ti ń ka owó ẹyọ, ta ló lè nawọ́ sí i fún yín lónìí? A ti rí mẹ́ta péré tí àgbàlagbà kan lè dúró sójú rẹ̀ gan-an kó ní "ibí ni." Ọ̀kan nínú rẹ̀, ẹni tó ń fọ mọ́tò ló wà níbẹ̀ báyìí.

Nítorí náà, bí ẹ bá bi mí, ojú omi tí ìlú ti ń pọn, ìdí igi tí wọ́n ti ń dá ẹjọ́, ibùdókọ̀ ọkọ̀ ojú omi tí ọ̀nà mọ́tò pa, ilé pẹ̀tẹ́ẹ̀sì àkọ́kọ́ ní àdúgbò, gbogbo wọn ni ibi ìtàn.

Báwo ni mo ṣe máa dá ahoro mọ̀ nínú igbó?

Igi ló máa kọ́kọ́ sọ fún yín. Pèrègún tó tò lọ́wọ̀ọ́wọ́ láàárín igbó kò hù fúnra rẹ̀. Èèyàn ló gbìn ín, ààlà tàbí ojúbọ ló wà níbẹ̀. Akòko náà, igi oyè ni, a kì í bá a lójijì níbi tí èèyàn ò gbé rí. Bí ẹ bá rí obì tó ti dàgbà gan-an pẹ̀lú ìrókò tí oko kò kàn, ẹ rọra.

Lẹ́yìn náà, ẹ wolẹ̀. Òjò àkọ́rọ̀ máa ń fọ àpáàdì jáde. Ilé amọ̀ tó wó kì í pòórá, ó máa ń yọ́ di òkìtì gígùn tí kò ga ju orúnkún lọ. Bí ẹ bá tẹ̀lé òkìtì náà, ẹ ó rí i pé ó ṣẹ́ igun bí ògiri yàrá ṣe ń ṣẹ́ igun.

Nínú oko kókó kan lápá Rẹ́mọ, bàbá olóko ní òun ò rí ahoro kankan níbẹ̀ rí. A jókòó tì í, ó ń pọ́n àdá rẹ̀ lórí òkúta kan tó ní ó ti lé ní ogún ọdún tóun ti ń lò ó. A tọrọ àyè, a yí òkúta náà padà. Ojú ọlọ ló wà lábẹ́ rẹ̀, ó jìn bí àwo ọbẹ̀, ó sì ń dán. Bàbá wò ó, ó wò wá, ó ní: "Ta ló ń lọ ata níbí?" Láti ìgbà náà, òun gan-an ló ń pè wá tó bá tún rí nǹkan.

Ẹ jọ̀ọ́, ẹ má kó àpáàdì tàbí ọlọ lọ sílé. Ibi tó wà nílẹ̀ lẹ́rìí rẹ̀. Tó bá ti dé orí tábìlì yín, òkúta lásán ni. Ẹ gbé bírò sẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀ kí a lè mọ bó ṣe tóbi tó, ẹ yà á, ẹ fi sílẹ̀.

Irinṣẹ́ wo ni mo nílò? Mi ò ní kámẹ́rà.

Fóònù tó wà lọ́wọ́ yín tó. Ẹ tan lokéṣọ̀n kámẹ́rà rẹ̀ kí fọ́tò lè gbé ojú ibẹ̀ dání. Ẹ fi téèpù, bírò, ìwé àjákọ àti páwà báǹkì kún un. Dúróònù dára, ṣùgbọ́n àgbàlagbà tó bá ti rí ohun tó ń kùn lórí òrùlé rẹ̀ kò ní sọ ìtàn fún yín mọ́ lọ́jọ́ yẹn.

Bí ẹ bá fẹ́ kí kọ̀ǹpútà lè to fọ́tò pọ̀ di àwòrán ilé tó ṣeé yí wò lọ́tùn-ún lósì, ẹ máa rìn yí ilé náà ká díẹ̀díẹ̀, kí fọ́tò kọ̀ọ̀kan gun orí èyí tó ṣáájú rẹ̀ bí páànù ṣe ń gorí ara wọn lórí ilé. Ó kéré tán, kí ìdajì gun orí ìdajì. Ọjọ́ tí kùrukùru bo oòrùn ló dára jù fún un, torí òjìji kì í jẹ́ kí kọ̀ǹpútà ríran dáadáa.

Báwo ni mo ṣe máa bá àgbàlagbà sọ̀rọ̀ tí wọn ò fi ní lé mi?

Ibí yìí ni iṣẹ́ wà. Ògiri lè dúró fún àádọ́ta ọdún sí i. Ẹni tó mọ orúkọ ẹni tó kọ́ ọ kò ní dúró tó bẹ́ẹ̀.

Ẹ kọ́kọ́ lọ rí Olórítún. Ìtún kọ̀ọ̀kan, ìyẹn àdúgbò, ní olórí, tó bá sì gbọ́ pé ẹ ti ń ya fọ́tò kiri kẹ́ ẹ tó dé ọ̀dọ̀ òun, ẹ ti di ẹni tó fẹ́ ta ilẹ̀. Lásìkò yìí tí àwọn tó ń jà sí ilẹ̀ pọ̀, ẹ ò lè dá wọn lẹ́bi. Ẹ mú owó obì dání, kì í ṣe owó ìtàn. Ìtàn tí wọ́n bá fi owó rà máa ń gùn sí i bí owó bá ṣe ń pọ̀ sí i.

Ẹ má yọ fóònù jáde lójú ẹsẹ̀. "Bàbá, ẹ kú ìjókòó o," ẹ dọ̀bálẹ̀, ẹ kúnlẹ̀, ẹ sọ ọmọ ẹni tí ẹ jẹ́. Ní Ìjẹ̀bú, títí wọ́n á fi mọ ilé bàbá yín, wọn ò tíì rí yín. Lẹ́yìn náà lẹ ó tọrọ àyè láti ká ohùn wọn sílẹ̀.

Ìbéèrè tí kò dáa ni "Kí ni ìtàn ìlú yìí?" Wọ́n á fi ìtàn tí gbogbo ayé mọ̀ dá yín lóhùn, Ọbańta, ọba àtijọ́, láti Wàdáì lápá Chad, ó parí. Ẹ bi wọ́n pé: "Ìyá, níbo lẹ ti ń pọn omi nígbà tẹ́ ẹ wà lọ́mọdé?" Mama kan ní Ìjẹ̀bú-Igbó tí wọ́n ti ní kò rántí nǹkan mọ́, ìbéèrè yẹn la bi wọ́n. Wọ́n dìde lórí àga. Wọ́n bẹ̀rẹ̀ sí fi ọ̀pá júwe ọ̀nà odò, ilé dé ilé, ohun tí wọ́n ń tà níwájú ilé kọ̀ọ̀kan, ilé tí ajá ti máa ń lé wọn, ibi tí wọ́n ti ń sọ ìkòkò kalẹ̀ sinmi. Ilé mọ́kànlá. Mẹ́rin péré ló ṣì dúró.

Lójú tèmi, àwọn ọkùnrin máa ń sọ ogun àti oyè fún ni. Àwọn obìnrin ló ń sọ ọ̀nà, omi àti ọjà. Àwa tó ń wá ibi kiri, ẹ̀yìn àwọn obìnrin ló yẹ ká máa tọ̀, a sì pẹ́ kí a tó mọ̀.

Ọ̀rọ̀ kan ṣoṣo fún ẹ̀yin tẹ́ ẹ wá láti Ìjẹ̀bú-Òde: bí ẹ bá dé Rẹ́mọ, ẹ má fi "Ṣebí abẹ́ Awùjalẹ̀ lẹ ti wá" bẹ̀rẹ̀ ọ̀rọ̀. Àwọn Rẹ́mọ kì í fẹ́ gbọ́ pé ọba Ìjẹ̀bú ló ni wọ́n; òfìfo fóònù lẹ ó gbé padà sílé.

Àwọn àgbà kì í mọ ọdún. Báwo ni mo ṣe máa mọ ìgbà tí wọ́n kọ́ ilé náà?

Wọ́n mọ̀ ọ́n, kì í kàn ṣe bí ẹ ṣe ń kà á. Ẹ béèrè Awùjalẹ̀ tó wà lórí oyè. Bí wọ́n bá ní ayé Gbélégbùwà Kejì ni, àárín 1933 sí 1959 lẹ wà yẹn. Bí wọ́n bá ní ayé Adétọ̀nà, àárín 1960 sí 2025 nìyẹn. Ẹ béèrè règbẹ́règbẹ́, ìyẹn ẹgbẹ́ ọjọ́ orí, ẹni tó kọ́ ọ, nítorí ẹgbẹ́ kọ̀ọ̀kan ní sáà tirẹ̀. Ṣáájú àbí lẹ́yìn ogun Hitler? Ṣáájú àbí lẹ́yìn ọjọ́ tí oòrùn ṣókùnkùn lọ́sàn-án gangan, ní 1947? Ìgbà tí mọ́tò ṣì ń gba apá òsì, àbí lẹ́yìn tó ti di apá ọ̀tún ní 1972? Náírà ni wọ́n fi ra páànù ni, àbí pọ́ùn àti ṣílè? Bí wọ́n bá ní pọ́ùn àti ṣílè ni, ó ṣeé ṣe kó jẹ́ pé 1973 ò tíì dé nìyẹn.

Kẹ́ ẹ sì wo iwájú ilé sókè, lábẹ́ òrùlé. Àwọn bíríkìlà àtijọ́ fẹ́ràn kí wọ́n fi símẹ́ǹtì kọ ọdún síbẹ̀. Ẹ rọra kà á o. Èmi kọ 1921 fún ilé kan, a sì ń tọ́ka sí i fún oṣù mẹ́fà kí ọmọ onílé tó sọ fún wa pé 1927 ni, orí 7 ló já bọ́.

Àgbà méjì sọ ohun méjì tó ta kora. Èwo ni kí n kọ?

Méjèèjì, pẹ̀lú ẹnu tó ti jáde. Ẹ má ṣe adájọ́.

Ìtàn Sùngbọ́ gan-an ni mo máa fi ṣàpẹẹrẹ. Ní Òkè-Èrí, nítòsí Ìjẹ̀bú-Òde, wọ́n á fi sàréè Bílíkísù Sùngbọ́ hàn yín, opó olówó tí kò bímọ, tó ní kí wọ́n gbẹ́ Erédò kí orúkọ òun má bàa parun. Àwọn mìíràn ní òun ni Bilkisu, ayaba Ṣébà tó lọ rí Sólómọ́nì. Ẹ̀wẹ̀, àwọn awalẹ̀pìtàn fi èédú inú yàrà náà ṣírò ọjọ́ orí rẹ̀: àwọn kan ní ó ti lé ní ẹgbẹ̀rún ọdún, ìwalẹ̀ tó tẹ̀ lé e sì sún apá kan rẹ̀ mọ́ nǹkan bí ọdún 1400. Nǹkan bí ẹgbẹ̀rún ọdún kí wọ́n tó bí Jésù ni Sólómọ́nì gbé láyé. Kò bára mu. Ṣùgbọ́n ìtàn opó yẹn ló jẹ́ kí àwọn èèyàn ṣì máa wá ṣe àbẹ̀wò, àwọn àbẹ̀wò yẹn ló sì jẹ́ kí igbó ibẹ̀ ṣì wà. Ẹni tó bá yọ ọ́ kúrò torí pé kò bá èédú mu ti sọ ìdajì ibi náà nù.

Yàrà náà fúnra rẹ̀ ńkọ́? Ó yí ilẹ̀ Ìjẹ̀bú ká tó nǹkan bí kìlómítà 160. Níbi tó bá ti jìn, láti ìsàlẹ̀ kòtò dé orí òkìtì tó ogún mítà. Ẹni tó bá wọ inú rẹ̀ lọ́sàn-án ẹ̀ẹ̀rùn, òtútù ló máa pàdé rẹ̀. Ògiri pupa méjèèjì ń sun omi, èèhọ̀n ti bò ó láwọ̀ ewé, igi òkè ti nawọ́ síra wọn lórí. Àwọn agbẹ́yẹ̀pẹ̀ ò rí gbogbo èyí. Yẹ̀pẹ̀ pupa tó ṣeé fi kún ojú ọ̀nà ni wọ́n rí.

Wọ́n ní kí n má ya fọ́tò, tàbí pé obìnrin kì í débẹ̀. Ṣé kí n wá ọ̀nà ẹ̀bùrú?

Rárá. Ní Òkè-Èrí, obìnrin kì í wọ ibi sàréè náà, bó tilẹ̀ jẹ́ pé obìnrin ló wà nínú rẹ̀. Ilédì, ilé ìpàdé ẹgbẹ́ Òṣùgbó, ẹ lè ya ojú òde rẹ̀ bí wọ́n bá gbà. Inú kì í ṣe tiyín. Àwọn Alágẹmọ mẹ́rìndínlógún, àwọn olórí òrìṣà Agẹmọ, ní ọ̀nà tí wọ́n ń gbà, obìnrin kì í sì í wò wọ́n. Ẹ kọ ọ́ sílẹ̀ pé "igbó kan wà níbí, àwọn tó ni ín kò fẹ́ kí a ṣàlàyé rẹ̀." Ìyẹn náà jẹ́ àkọsílẹ̀. Nínú ẹgbẹ́ wa, àwọn obìnrin wa bínú sí òfin Òkè-Èrí, èmi náà rò pé wọ́n jàre, ṣùgbọ́n àwa kọ́ la ni sàréè.

Ẹbí wa fẹ́ ta ilé bàbá àgbà, wọ́n á wó o. Ṣé òfin lè dá wọn dúró?

Òfin kan wà láti 1979 tó dá NCMM, àjọ tó ń rí sí musíọ̀mù àti ohun ìrántí, sílẹ̀, àjọ náà sì lè kéde ilé gẹ́gẹ́ bí ohun ìrántí orílẹ̀-èdè. Ilé yín kò sí nínú èyí tí wọ́n kéde. Kò sí ilé ẹnikẹ́ni tí mo mọ̀ níbẹ̀. Ká má tan ara wa.

Èyí tó wà lágbára yín ni kẹ́ ẹ wọ inú rẹ̀ kí wọ́n tó wó o. Ẹ wọn yàrá kọ̀ọ̀kan, ẹ ya pílánù rẹ̀ sínú ìwé, ẹ ya fọ́tò láti ọ̀ọ̀dẹ̀ dé ẹ̀yìnkùlé: fèrèsé onígi, òpó fàràǹdá, àtẹ̀gùn, ibi tí ìdáná wà, orúkọ ara sàréè tó wà nínú pálọ̀. Ẹ kọ ẹni tó gbé yàrá wo, títí kan àwọn ayálégbé. Ẹ bẹ ẹbí pé kí wọ́n yọ ilẹ̀kùn ńlá kí katapílà tó dé. Àwọn tó ń ra ilẹ̀kùn àtijọ́ ń kiri. Wọ́n máa ń mọ ọjọ́ tí ẹ fẹ́ wó ilé ju ẹ̀yin gan-an lọ.

Níbo ni kí n kó gbogbo rẹ̀ sí?

Kì í ṣe WhatsApp. Mo fi ojú ara mi rí i. Fọ́tò ogójì ni mo yà nínú ilé kan, mo fi ránṣẹ́ sí àbúrò mi lórí WhatsApp, mo wá pa ti orí fóònù rẹ́ torí ààyè ti kún. Nígbà tí a fẹ́ ka ohun tí wọ́n gbẹ́ sórí ilẹ̀kùn, ó ti di rúurùu: WhatsApp máa ń fún fọ́tò pọ̀, ó sì máa ń yọ lokéṣọ̀n rẹ̀ dànù. A padà lọ. Wọ́n ti kun ilẹ̀kùn náà ní ọ̀dà funfun. Bó bá di dandan kẹ́ ẹ fi WhatsApp ránṣẹ́, ẹ fi í ránṣẹ́ bíi document.

Ẹ ní ẹ̀dà mẹ́ta, kí ọ̀kan wà ní ìlú mìíràn. Èyí tó bá ṣeé fi han gbogbo ayé, ẹ gbé e sórí Wikimedia Commons, ibi tí gbogbo ayé ti ń pín fọ́tò. Orúkọ ojú ọ̀nà àti àdúgbò, ẹ kọ ọ́ sórí OpenStreetMap, máàpù orí íntánẹ́ẹ̀tì tí ẹnikẹ́ni lè kọ nǹkan sí, ọ̀fẹ́ ni méjèèjì. Ṣùgbọ́n ahoro tí nǹkan ṣì wà nínú rẹ̀, ẹ má fi ojú ibẹ̀ gan-an síta. Orúkọ ìjọba ìbílẹ̀ tó. Àwọn tó ń jí ohun ìṣẹ̀ǹbáyé wà náà mọ íntánẹ́ẹ̀tì lò.

Kí ló dé tí ẹ ń tẹnu mọ́ kí ẹni tó ni ibẹ̀ fẹnu ara rẹ̀ pe orúkọ rẹ̀?

Torí pé pátákó ìjọba kì í ní àmì ohùn. "Oko" tí wọ́n kọ yẹn, ṣé oko ni, ọkọ ni, ọkọ̀ ni? Ọmọ tí kò gbé níbẹ̀ á kà á bó ṣe wù ú, bó ṣe kà á náà ni yóò sì dà. Ní Ìjẹ̀bú-Òde, àwọn orúkọ tó fi "Ìta" bẹ̀rẹ̀ yẹn, gbàgede ni. Ṣọ́ọ̀bù ti bo ọ̀pọ̀ nínú wọn, orúkọ nìkan ló ń sọ pé afẹ́fẹ́ ń fẹ́ níbẹ̀ tẹ́lẹ̀. Ẹ jẹ́ kí wọ́n pe orúkọ náà lẹ́ẹ̀mẹta sínú fóònù, ní ohùn Ìjẹ̀bú, ní ohùn Rẹ́mọ. Ẹ má tún un ṣe sí ti Ọ̀yọ́.

Ìwé àtijọ́ ńkọ́?

Ilé àkójọ ìwé ìjọba tó wà nínú ọgbà Yunifásítì Ìbàdàn ní fáìlì Ìjẹ̀bú Province. Ìròyìn tí àwọn òyìnbó kọ nípa ìlú wa ní àwọn ọdún 1930 wúlò. Ẹ rántí ṣá pé àwọn tó ń du oyè ló jókòó níwájú òyìnbó nígbà tó ń kọ ọ́.

Ìgbà wo ló dáa láti lọ?

Oṣù Ọ̀pẹ sí Èrèlé, igbó fúyẹ́, àwọn tó mọ ìtàn sì ti wálé ọdún. Sáà Ojúde Ọba náà dáa fún rírí èèyàn, kò dáa fún igbó. Ẹ jáde láàárọ̀, ẹ sọ ibi tẹ́ ẹ ń lọ fún ẹnì kan nílé, ẹ wọ bàtà òjò tó dé orúnkún. Ejò fẹ́ràn òkìtì ògiri àtijọ́ ju àwa lọ.